Ibi Tí A Fi Sílẹ̀ fún Bíṣọ́ọ̀bù

Nígbà tí mo wà ní kékeré, tí mo ṣì ń di etí aṣọ ìyá mi mú lọ síbi gbogbo, òyìnbó kan ṣoṣo ni mo mọ̀ láyé. Fádà ìjọ Àgùdà ni, ọkọ̀ ojú omi ló sì gbé e wá láti ìlú kan tí wọ́n ní òjò kì í dá níbẹ̀. Ẹ má bi mí ní orúkọ ìlú náà, n ò lè pè é dáadáa títí dòní. Ọ̀dọ́ ni nígbà náà, ṣùgbọ́n lójú tèmi, ẹni tó bá ti ní irùngbọ̀n ti di arúgbó nìyẹn. Ó ga, ó tín-ín-rín, oòrùn Èjìgbò sì ti fi imú rẹ̀ ṣe ohun tó wù ú. Alùpùpù dúdú kan ló máa ń gùn lọ ṣe Mísà ní Masífà àti ní Ara. Tó bá fi máa padà dé nígbà ẹ̀ẹ̀rùn, eruku á ti bò ó débi pé ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n kò ní mọ̀ pé òyìnbó ni.

Ọ̀dọ̀ katikíìsì àgbà kan, olùkọ́ ẹ̀sìn nínú ìjọ, ló ti kọ́ èdè wa. Katikíìsì yìí sì kìlọ̀ fún un pé bó bá fẹ́ kí ará ìlú gba tirẹ̀, kó má fi "o" bá ẹnikẹ́ni sọ̀rọ̀, "ẹ" ni kó máa lò. Fádà gba ìkìlọ̀ náà tọkàntọkàn. "Ẹ" ló ń fi bá àgbà sọ̀rọ̀, òun náà ló ń fi bá àwa ọmọdé sọ̀rọ̀. Mo wà níbẹ̀ lọ́jọ́ tí ewúrẹ́ kan dúró sí iwájú alùpùpù rẹ̀ tí kò fẹ́ kúrò. Fádà bẹ ewúrẹ́ náà títí: "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ ṣàánú mi, ẹ kúrò lójú ọ̀nà." A rẹ́rìn-ín títí a fi jókòó sílẹ̀. Òun náà bá wa rẹ́rìn-ín, kò sì yí i padà. Títí tó fi dàgbà, títí tó fi di bíṣọ́ọ̀bù, "ẹ" náà ló ń pè mí, èmi tí mo kéré sí i tó bẹ́ẹ̀.

Ẹ ò ní mọ̀ ọ́n, ẹ̀yin ọmọ ìsinsìnyí. Ṣùgbọ́n nítorí rẹ̀ ni mo ṣe ń sọ ìtàn yìí, àti nítorí ilẹ̀ kékeré tó wà ní ẹ̀yìnkùlé wa, lábẹ́ igi ọsàn, tí ẹ ti ń bi mí pé kí ni mò ń gbá níbẹ̀ lójoojúmọ́.

Bàbá mi ti kú kí n tó gbọ́n. Ìyá mi ló tọ́ wa, epo pupa ló ń fọ̀ tó ń tà. Ẹ̀gbọ́n mi ọkùnrin ni àkọ́bí rẹ̀, òun sì ni ojú rẹ̀ ń wò. Nígbà tí ẹ̀gbọ́n mi gbọ́njú, ó bá àbúrò ìyá mi lọ sí Àbíjàn, gẹ́gẹ́ bí ọ̀dọ́ ìlú wa ti máa ń ṣe. Ẹ kúkú mọ Èjìgbò. Agbo ilé wo ni kò ní èèyàn ní Àbíjàn? Àwọn kan bímọ síbẹ̀, àwọn kan kọ́lé síbẹ̀, àwọn kan sì kú síbẹ̀. Àbúrò ìyá mi yìí, tí gbogbo wa ń pè ní Bàbá Àbíjàn, Mùsùlùmí ni, oníṣòwò aṣọ ni, ẹnu rẹ̀ sì dùn. Bó bá ti sọ̀ kalẹ̀ nínú ọkọ̀, "Bọ̀ńjúù! Bọ̀ńjúù!" ni yóò máa pariwo kí wa lédè Faransé láti ibùdókọ̀ wọlé, àwa ọmọdé á sì sáré pàdé rẹ̀.

Nígbà náà, bí èèyàn bá kú sí ọ̀nà jíjìn, ara rẹ̀ kì í wálé. Ọ̀nà jìn, ọkọ̀ kò dára, oòrùn kò sì ní dúró de ẹnikẹ́ni. Ohun tí àwọn ará wa ń ṣe níbẹ̀ ni pé wọ́n á gé díẹ̀ lára irun olóògbé, wọ́n á gé èékánná ọwọ́ rẹ̀ àti ti ẹsẹ̀, wọ́n á dì í sínú aṣọ funfun, ẹni tó bá ń bọ̀ nílé á sì mú un bọ̀. Òkú nìyẹn. Bó ti wù kó kéré tó, òkú ni. Wọ́n á gbẹ́ ilẹ̀ fún un, wọ́n á sunkún lé e lórí, wọ́n á sì mọ̀ pé ọmọ àwọn kò sùn sí ìta. Bí ìdì náà kò bá dé, ọ̀rọ̀ ò tíì tán. Ìyá olóògbé á máa wo ọ̀nà títí òun náà á fi kú.

Ọ̀sán ọjọ́ kan ni Bàbá Àbíjàn dé tí a ò gbọ́ bọ̀ńjúù. Ó rìn wọlé jẹ́jẹ́. Ìyá mi wà nídìí agbada epo. Bàbá Àbíjàn dọ̀bálẹ̀ gbalaja fún ẹ̀gbọ́n rẹ̀ nínú erùpẹ̀ níbẹ̀, kò sì dìde. Ìyá mi wò ó. Mo rò pé yóò ké, ṣùgbọ́n kò ké. Ohun tó kọ́kọ́ bèèrè ni pé:

"Ṣé o mú un wálé?"

"Mo mú un wálé, ẹ̀gbọ́n mi."

Ìgbà yẹn ló tó ké. Ibà ló pa ẹ̀gbọ́n mi. Ìdì tí Bàbá Àbíjàn mú jáde láti àyà rẹ̀ kò ju ẹ̀kúnwọ́ ọmọdé lọ.

Fádà yìí ló ṣe ìrìbọmi fún ẹ̀gbọ́n mi, nítorí náà ọ̀dọ̀ rẹ̀ ni ìyá mi kọ́kọ́ lọ. Ó sọ fún un pé ọmọ òun ti dé láti Àbíjàn, kó wá bá òun sin ín. Fádà sáré wá. Ó wọ aṣọ funfun rẹ̀, ó mú omi mímọ́ àti ìwé àdúrà dání, ojú rẹ̀ sì fi hàn pé ọ̀rọ̀ náà dùn ún. Ó dé ẹ̀yìnkùlé, ó wò yíká, ó ń wá pósí. Ìyá mi tú aṣọ funfun náà sílẹ̀ níwájú rẹ̀.

Ojú òyìnbó náà yí padà. Ó wo irun, ó wo èékánná, ó sì pa ìwé rẹ̀ dé. "Ìyá," ó ní, "èyí kì í ṣe ọmọ yín. Wọ́n ti sin ọmọ yín. Mi ò lè sìnkú èékánná. Ìjọ kò ní gbà á." Ó sọ ọ́ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́, ó sì fi "ẹ" sọ ọ́, ṣùgbọ́n ọ̀rọ̀ pẹ̀lẹ́pẹ̀lẹ́ náà máa ń gúnni. Ìyá mi bẹ̀ ẹ́. Àwọn obìnrin agbo ilé bá a bẹ̀ ẹ́. Ó ní ó dùn òun, àmọ́ òun kò lè ṣe é.

Bàbá Àbíjàn bá sáré lọ bá ààfáà agbo ilé. Ààfáà ní wọ́n ti kírun sí òkú lára níbi tó kú sí bó bá jẹ́ Mùsùlùmí, bí kò bá sì jẹ́ Mùsùlùmí, kí wọ́n lọ bá àwọn tó ni ín. Fádà kọ̀, ààfáà kọ̀. Ìyá mi kò bẹ ẹnikẹ́ni mọ́. Ó mú ọkọ́, ó gbẹ́ ilẹ̀ fúnra rẹ̀ lábẹ́ igi ọsàn, ó fi ìdì náà sínú rẹ̀, ó bò ó, ó sì gbé òkúta pẹlẹbẹ kan lé e. Mo rí Fádà lẹ́bàá ọ̀nà, ó fara ti alùpùpù rẹ̀, ó ń wò wá. Ó pẹ́ kó tó lọ.

Bí àwọn kan bá rò pé ìyá mi kò lọ sí Mísà mọ́, wọn ò mọ obìnrin náà. Ọjọ́ ìsinmi tó tẹ̀ lé e, ó wọ aṣọ ọ̀fọ̀, ó fà mí lọ́wọ́, a lọ. Nígbà tí àwọn èèyàn bi í, ó ní, "Ọlọ́run kọ́ ló kọ̀ mí, òyìnbó ni." Ṣùgbọ́n a ò jókòó síwájú mọ́. Ẹnu ọ̀nà ni a ń jókòó sí, bí Mísà bá sì ti parí, a ti bọ́ síta kí Fádà tó yọjú láti kí ìjọ.

Ọyẹ́ dé. Nínú ọyẹ́ yẹn ni a gbọ́ pé ìyá Fádà ti kú ní ìlú wọn. Ọkọ̀ ojú omi ló ń gbé ìròyìn wá nígbà náà, nítorí náà kí ọ̀rọ̀ tó dé etí ọmọ, wọ́n ti sin ìyá tipẹ́, koríko ti lè hù lórí rẹ̀. Gbogbo ìjọ ń lọ kí i. Mo rò pé ìyá mi kò ní lọ. Àmọ́ ó se iṣu, ó bu epo tuntun sínú ìkòkò kékeré, ó ní kí n gbé e tẹ̀ lé òun.

A bá èrò lọ́dọ̀ rẹ̀. Ìyá mi jókòó sí kọ̀rọ̀ títí àwọn èèyàn fi lọ tán. Ó wá sún mọ́ ọn, ó kúnlẹ̀, ó kí i kú ará fẹ́ra kù, ó sì bi í léèrè bí ẹni tó ń béèrè ohun tí gbogbo ayé mọ̀:

"Fádà, ta ló mú wọn wá fún yín?"

Kò yé Fádà. "Ta ni, Ìyá?"

"Ìyá yín ni mò ń wí. Irun wọn. Èékánná wọn. Ṣé kò tíì dé ni?"

Fádà ní kò ní dé. Ó ní àwọn kì í ṣe bẹ́ẹ̀ ní ìlú àwọn. Ìyá mi wò ó bí ẹni pé wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ sọ fún un pé wọ́n bí ọmọ kan tí kò ní orí. "Kò sí nǹkan kan rárá?" ó ní. "Kí ni ẹ wáá fẹ́ sunkún lé lórí?"

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má rò pé ìyá mi ń gbẹ̀san. Mo wà níbẹ̀, mo rí ojú rẹ̀. Àánú ọkùnrin náà ló ṣe é, àánú tòótọ́. Fádà gbìyànjú láti dáhùn, ó fi ọwọ́ méjèèjì bo ojú, ó sì bẹ̀rẹ̀ sí í sunkún. N kò mọ̀ tẹ́lẹ̀ pé òyìnbó máa ń sunkún. Ẹ̀rù bà mí, mo fi orí pamọ́ sẹ́yìn ìyá mi. Ìyá mi gbé ọwọ́ lé e léjìká, ó ń pè é ní ọmọ mi, ọmọ mi. Nígbà tí a ń padà lọ sílé, ó mi orí títí. "Ẹni yẹn ò ní nǹkan kan o," ó ní. "Ọmọ òrukàn pọ́nńbélé ni."

Kò pẹ́ sí i, Fádà wá sí ẹ̀yìnkùlé wa. Kò gun alùpùpù, ẹsẹ̀ ló fi rìn. Ó wọ aṣọ funfun, ó mú omi mímọ́ rẹ̀ dání. Ó kúnlẹ̀ níwájú òkúta pẹlẹbẹ náà nínú ewé gbígbẹ, ó sì sọ fún ìyá mi pé, "Ẹ foríjì mí, Ìyá. Mo kọ ọmọ yín." Ìyá mi ní ó ti tán. Fádà gbàdúrà lórí ẹ̀gbọ́n mi, ó pe orúkọ ìrìbọmi rẹ̀, ó wọ́n omi sí i. Lẹ́yìn náà ó tún gbàdúrà mìíràn ní èdè ìlú rẹ̀, mo sì gbọ́ tó ń pe orúkọ obìnrin kan. Nígbà tó dìde, ó bi ìyá mi pé ṣé yóò gba òun láàyè kí òun máa wá kí ìyá òun níbẹ̀, nítorí òun kò ní ibòmíràn. Ìyá mi ní, "Ṣé ilẹ̀ ń kún ni? Ẹ máa bọ̀."

Bẹ́ẹ̀ ló di àṣà. Lọ́dọọdún, nínú oṣù tí ìjọ Àgùdà fi ń rántí àwọn tó ti lọ, Fádà á wá sí abẹ́ igi ọsàn wa. Yóò gbàdúrà fún ẹ̀gbọ́n mi, yóò gbàdúrà fún ìyá rẹ̀, yóò sì jókòó sórí ẹní jẹ iṣu àti epo. Ìyá mi ń gbá ibẹ̀ fún àwọn méjèèjì. Bí ó bá ń gbá a, ó máa ń bá òkú òyìnbó obìnrin náà sọ̀rọ̀: "Ìyá Fádà, ẹ kú àárọ̀. Ọmọ yín ò ṣàìsàn o. Ó kàn rù ni."

Ọjọ́ ń lọ. Fádà kọ́ ilé ìwé ní Ara, ó kọ́ ilé ìwòsàn kékeré kan, ó dá ìjọ sílẹ̀ ní àwọn abúlé tí alùpùpù kò lè dé. Irun orí rẹ̀ bẹ̀rẹ̀ sí í funfun. A kàn gbọ́ lọ́jọ́ kan pé wọ́n ti fi í jẹ bíṣọ́ọ̀bù, yóò sì fi Èjìgbò sílẹ̀ lọ sí ìlú ńlá tí àga bíṣọ́ọ̀bù wà. A wọ ọkọ̀ akẹ́rù lọ síbi ìwúyè náà, Kìrìsìtẹ́nì àti Mùsùlùmí. Bàbá Àbíjàn náà wà níbẹ̀, ó wé láwàní. Nígbà tí ìsìn dé ibì kan, mo rí i tí òyìnbó wa na gbalaja sórí ilẹ̀ níwájú pẹpẹ, ó da ojú dé. Wọ́n ní bẹ́ẹ̀ ni wọ́n ń ṣe é ní gbogbo ayé, ṣùgbọ́n àwọn àgbà Èjìgbò kò mọ̀. Ìdọ̀bálẹ̀ ni wọ́n rí. Ni wọ́n bá figbe ta láti ẹ̀yìn: "Ẹ dìde o! Ẹ ó pẹ́ fún wa! Ọmọ wa ni! Ọmọ gidi!" Àwọn fádà ìlú ńlá bojú wẹ̀yìn, wọ́n ń fajú ro. Nígbà tí bíṣọ́ọ̀bù tuntun dìde, ẹ̀rín wà lójú rẹ̀, omi sì wà níbẹ̀ pẹ̀lú.

Ipò kò yí i padà. Ọkọ̀ ayọ́kẹ́lẹ́ ló ń gbé e wá báyìí, àwọn fádà ọ̀dọ́ á sì tẹ̀ lé e, wọn á dúró sí ẹ̀gbẹ́ kan, wọn á máa wo ara wọn lójú nígbà tí bíṣọ́ọ̀bù bá kúnlẹ̀ sínú ewé ọsàn ní ẹ̀yìnkùlé obìnrin elépo. Ó sọ fún gbogbo àwọn tó wà lábẹ́ rẹ̀ pé bí ẹnikẹ́ni bá gbé òkú rẹ̀ wálé láti ọ̀nà jíjìn, bó ti wù kó kéré tó, wọn kò gbọdọ̀ kọ̀ ọ́. Ọ̀pọ̀ ìyá ni ọkàn wọn balẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ yẹn. Mo ti lọ́kọ nígbà náà, mo ti bímọ. Ọmọ mi ọkùnrin dàgbà, òun náà gba ọ̀nà Àbíjàn lọ bí àwọn yòókù.

Ẹ̀yìn náà ni ọjọ́ ogbó dé bá bíṣọ́ọ̀bù. Ó fi àga sílẹ̀ fún ẹlòmíràn, ara rẹ̀ kò sì le mọ́. Ẹgbẹ́ àwọn fádà tó rán an wá ní kó máa bọ̀ wá gba ìtọ́jú nílé. Ó ní ilé wo. Wọ́n ní ìlú tí wọ́n ti bí i. Kò fẹ́ lọ, ṣùgbọ́n ẹni tó bá ti wọ irú ẹgbẹ́ tiwọn, ibi tí wọ́n bá ní kó lọ ló ń lọ.

Ó wá dágbére. Ìyá mi ti darúgbó gan-an, èmi ni mo ń tọ́jú rẹ̀ nígbà náà. Wọ́n mú bíṣọ́ọ̀bù lọ́wọ́ wọlé, ó jókòó sórí ẹní lẹ́gbẹ̀ẹ́ ìyá mi, ó sì mú sísọ́ọ̀sì kékeré kan jáde látinú àpò aṣọ rẹ̀.

"Ìyá," ó ní, "ẹ bá mi gé irun mi díẹ̀, kí ẹ gé èékánná mi. Ẹ fi í pamọ́. Bí mi ò bá padà, ẹ mọ ibi tí ẹ ó fi sí."

Ìyá mi ta gìrì bí ẹni tí ejò bù jẹ. "Èèwọ̀!" ó ní. "Ẹni tó wà láàyè? Bí mo bá gé e, èmi ni mo pa yín nìyẹn. Ẹ gbé nǹkan yẹn kúrò níwájú mi. Ẹ ó lọ, ẹ ó bọ̀, ara yín á le." Bíṣọ́ọ̀bù bẹ̀ ẹ́. Ìyá mi kọ̀ jálẹ̀. Nígbà tó yá, bíṣọ́ọ̀bù rẹ́rìn-ín, ẹ̀rín ẹni tó ti rẹ̀. Ó ní, "Kò burú, Ìyá. Èmi náà ti kọ̀ fún yín rí." Ìyá mi dì mọ́ ọn. Àwọn arúgbó méjèèjì jókòó bẹ́ẹ̀. Kó tó wọ ọkọ̀, ó ní kí n mú òun lọ sábẹ́ igi ọsàn. Ó fi ọ̀pá rẹ̀ fa ilà sórí ilẹ̀ lẹ́gbẹ̀ẹ́ òkúta ẹ̀gbọ́n mi. Ó ní, "Ẹ jọ̀ọ́, ẹ bá mi fi ibí yìí sílẹ̀." Mo ní a ó fi sílẹ̀.

Kò padà. Ibi Mísà ni wọ́n ti kéde ikú rẹ̀ fún wa, wọ́n sì ti sin ín sí ìlú rẹ̀ lọ́hùn-ún kí wọ́n tó kéde. Ìyá mi ní kí n mú òun lọ bá fádà tuntun. Ọmọ wa ni fádà náà, ọmọ Yorùbá pọ́nńbélé, ó mọ̀wé, ó sì níwà. Ìyá mi kúnlẹ̀, ó bi í bó ṣe bi òyìnbó yẹn ní ọjọ́sí: "Fádà, ta ló mú wọn wá?" Fádà ọ̀dọ́ náà kò mọ ohun tó ń sọ. Nígbà tí mo túmọ̀ rẹ̀ fún un, ó rẹ́rìn-ín músẹ́, ó fọwọ́ pa ìyá mi léjìká. Ó ní, "Màmá, wọ́n ti sin bíṣọ́ọ̀bù dáadáa. A máa ṣe Mísà fún wọn. A ò ṣe irú nǹkan bẹ́ẹ̀ mọ́." Kò gbọ́ nípa àṣẹ tí bíṣọ́ọ̀bù pa rí. Àṣẹ náà ti bá ẹni tó pa á lọ. Mo wo ọmọ wa yìí, mo sì rántí òyìnbó tó fi ọwọ́ bo ojú sunkún nítorí ọ̀rọ̀ kan náà.

Láti ọjọ́ yẹn ni ìyá mi ti bẹ̀rẹ̀ sí í jókòó sí ẹnu ọ̀nà. Bí ọkọ̀ bá dúró, á gbé orí sókè. Ó dá a lójú pé àwọn ará ìlú òjò yẹn á rántí ránṣẹ́. "Wọn ò lè ya òǹrorò tó bẹ́ẹ̀," á ní. Ó tún máa ń sọ pé, "Ọwọ́ mi ló yẹ kó gé e. Ó mú sísọ́ọ̀sì wá bá mi." Bó bá gé e, kò ní lè sùn. Kò gé e, kò sì rí oorun sùn. Ó ń wọ̀nà títí tó fi kú. Ohun tó sọ fún mi kẹ́yìn tó ní ìtumọ̀ ni pé kí n má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni kọ́lé sí ibẹ̀.

Ẹ̀yin ọmọ mi, ayé ti yí padà, n ò sì wí pé gbogbo rẹ̀ ló burú. Ọ̀rọ̀ ń yára dé. Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ èyí. Nígbà tí àrùn tó mú kí gbogbo ayé fi aṣọ bo imú wà nílẹ̀, tí wọ́n ti gbogbo ẹnubodè pa, ọmọ mi ọkùnrin kú ní Àbíjàn. Wọ́n sin ín kíákíá, wọ́n ní òfin ni. Nígbà tí ọ̀nà là, ọmọ rẹ̀, tó jẹ́ ọmọ-ọmọ mi, wá sílé. Mo ti dúró sí ẹnu ọ̀nà dè é. Mo bi í léèrè, mo sì gbọ́ ohùn ìyá mi lẹ́nu ara mi: "Kí ni o mú wá lára rẹ̀?" Ó mú fóònù jáde. "Ẹ wò ó, Màmá," ó ní, "gbogbo rẹ̀ wà níbí." Mo wò ó. Mo rí àwọn èèyàn tí wọ́n wọ aṣọ funfun bo orí bo ẹsẹ̀, mo rí àpótí, mo rí ilẹ̀ pupa. Fídíò náà parí kí n tó mọ ibi tí orí ọmọ mi wà. Mo gbé fóònù náà lé àyà mi, ọmọ náà sì rọra gbà á lọ́wọ́ mi, ó ní kó má baà jábọ́.

Ọmọ dáadáa ni o. Òun náà ló gbé bíríkì wá lọ́dún yìí, tó ní òun fẹ́ kọ́ ṣọ́ọ̀bù sí ẹ̀yìnkùlé, kí igi ọsàn náà kúrò nílẹ̀, ṣebí kò so mọ́. Mo ní kò ṣeé ṣe. Ó ní, "Màmá, ta ló wà níbẹ̀ gan-an?" Mo bá jókòó, mo sọ gbogbo ohun tí mo sọ fún yín yìí fún un. Mo ní, ẹ̀gbọ́n mi wà níbẹ̀, ẹ̀kúnwọ́ kan. Ìyá bíṣọ́ọ̀bù wà níbẹ̀, àdúrà ló gbé e dé. Bíṣọ́ọ̀bù kò sí níbẹ̀. Bàbá rẹ kò sí níbẹ̀. Ibi tí wọn ò sí yẹn ni mò ń gbá.

Ó kó bíríkì rẹ̀ lọ sí iwájú ilé. Nígbà tó fẹ́ padà sí Àbíjàn, ó kúnlẹ̀ kí n súre fún un, ó sì bi mí pé irun bàbá òun ò ṣeé rí mọ́, ṣé bí òun bá bu erùpẹ̀ orí sàréè rẹ̀ wá, mo máa gbà á? Erùpẹ̀ kì í ṣe irun. Ìyá mi kì bá tí gbà á. Mo ní kó bù ú wá.

Èyí tó kù wá dọwọ́ yín. Mo ń gbọ́ pé ẹ̀ ń lọ sí ìlú àwọn òyìnbó gan-an báyìí, ẹ̀ ń kàwé, ẹ̀ ń tọ́jú àwọn arúgbó wọn. Bí ẹnìkan nínú yín bá dé ìlú kan tí òjò kì í dá, kó béèrè ibi tí wọ́n sin bíṣọ́ọ̀bù kan sí, ọkùnrin gíga kan tó máa ń fi "ẹ" bá ewúrẹ́ sọ̀rọ̀. Kó kí wọn fún mi. Kó bu díẹ̀ níbẹ̀, kó dì í sínú aṣọ funfun, kó mú un bọ̀ nílé. Ẹ má jẹ́ kó ti yín lójú pé erùpẹ̀ lásán ni. Mi ò ní béèrè irun mọ́.